Bàbá Tíṣà, Àwọn Ará Sítíà, àti Ojú Ìwé Rẹ̀mí

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi fojú fo àṣìṣe tí ẹ bá rí níhìn-ín. Mo ka ìwé mẹ́fà tán, mo dé kíláàsì kejì ní sẹ́kọ́ńdìrì, mo sì dúró. Mi ò kọ ohun tó gùn tó báyìí rí. Ohun tí ọwọ́ mi mọ̀ ni kí n kọ ọ̀rọ̀ kan sójú ìwé kan, kí n kọ orúkọ ẹni tó sọ ọ́ sókè rẹ̀, nítorí iṣẹ́ tí mo ṣe fún bàbá àgbà mi nìyẹn fún ọdún mẹ́sàn-án. Ẹ̀yin tí ẹ mọ̀ mí ní Ọ̀sì mọ̀ pé tí ènìyàn bá ti pé mẹ́ta, ẹnu mi á pa dé. Ṣùgbọ́n mo ka ìwé pẹlẹbẹ tí wọ́n tẹ̀ fún ìsìnkú Bàbá láti Èkó. Ọjọ́ ìbí wà níbẹ̀, àwọn iléèwé tí wọ́n ti ṣiṣẹ́ wà níbẹ̀, orúkọ àwọn ọmọ wà níbẹ̀. Mo kà á tán, mo rí i pé ẹni tí mo bá gbé kò sí nínú rẹ̀. Ìdí nìyí tí mo fi mú bírò. Bí a ṣe ń sọ̀rọ̀ nílé kọ́ ni mo fi kọ ọ́, bí Bàbá ṣe kọ́ mi láti máa kọ̀wé ni, kí ará ibòmíràn lè kà á.

Bàbá kò ga, wọn kò sì sanra. Kódà tí wọ́n bá ń lọ sóko, ṣòkòtò wọn á ti rí áyọ́ọ̀nù. Bírò kan wà lẹ́yìn etí wọn nígbà gbogbo, ìwé kékeré kan sì wà lábẹ́ fìlà, nítorí wọ́n ní òjò kì í dé orí kó tó sọ fún fìlà. Bàbá Tíṣà ni gbogbo Ọ̀sì ń pè wọ́n, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ó ti pẹ́ tí wọ́n ti fẹ̀yìn tì.

Lọ́jọ́ kan ní àkókò òjò, à ń ti Odò-Ọwà bọ̀ nínú bọ́ọ̀sì kékeré, ọkọ̀ sì rì sínú ẹrẹ̀. Gbogbo wa sọ̀ kalẹ̀ láti tì í. Inú ń bí dẹ́rẹ́bà, ó sì fi ọ̀rọ̀ kan bú ọ̀nà náà, ọ̀rọ̀ tí àwọn ará ayé àtijọ́ níbẹ̀ fi ń pe irú ẹrẹ̀ tó máa ń fa bàtà bọ́ lẹ́sẹ̀. Bàbá fi ọkọ̀ sílẹ̀. Wọ́n ṣí fìlà, wọ́n mú ìwé jáde, wọ́n lọ bá dẹ́rẹ́bà níbi tó ti ń làágùn, wọ́n ní kó tún un sọ. Obìnrin kan tó gbé ẹrù ẹ̀gẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í kùn pé àgbàlagbà wo ló ń kọ̀wé nígbà tí ẹlòmíràn ń ti ọkọ̀. Bàbá kò bínú. Wọ́n kọ ọ̀rọ̀ náà tán, wọ́n ká ṣòkòtò wọn sókè, wọ́n wá tì í pẹ̀lú wa. Wọ́n ní, "Ẹrẹ̀ yìí á wà níbí lọ́dún tó ń bọ̀. Ọ̀rọ̀ yẹn lè má sí mọ́."

Ibi tí gbogbo rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ ni ilé ìjọsìn, kí a tó bí mi. Ìyá àgbà mi ló sọ ọ́ fún mi. Bàbá ló máa ń ka ẹ̀kọ́ kejì ní ọjọ́ Àìkú, wọ́n sì máa ń kà á bí ẹni ń fi abẹ́ gé aṣọ, ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan dúró lọ́tọ̀. Lọ́jọ́ náà, orúkọ àwọn ènìyàn kan wà nínú ẹ̀kọ́ náà, àwọn ará Sítíà. Bí wọ́n ṣe délé, tí wọ́n ń jẹ iyán, Ìyá àgbà béèrè pé ta ni àwọn ènìyàn yìí, ọmọ ta ni wọ́n, èdè wo ni wọ́n ń sọ. Ìyá àgbà kò wọ iléèwé rí. Ará Ìlọ́fà ni wọ́n, ẹni tó bá sì fẹ́ ọmọ Ìlọ́fà mọ̀ pé ìbéèrè kì í tán. Bàbá dáhùn pé ará ìgbà àtijọ́ ni wọ́n. Ìyá àgbà ní ìyẹn kì í ṣe ìdáhùn, gbogbo ẹni tó wà nínú ìwé náà ni ará ìgbà àtijọ́. Ìyá àgbà wá rẹ́rìn-ín, wọ́n ní, "Tíṣà, ẹ ti ń pe orúkọ wọn fún wa láti ọjọ́ tí ẹ ti fẹ́ mi. Ẹ ò tíì yà kí wọn rí?"

Bàbá kì í fẹ́ kí ohun kan wà tí àwọn ò mọ̀. Wọ́n ń béèrè kiri fún ọ̀pọ̀ ọdún. Nígbà tí mo ti tó ọmọ ọdún mọ́kànlá, ọ̀kan nínú àwọn ọmọ tí wọ́n kọ́, tó ti di olùkọ́ ní yunifásítì, gbé ìwé ńlá kan nípa àwọn èdè àtijọ́, tí kò lẹ́yìn mọ́, wá fún wọn. Ẹ̀ẹ̀rùn ọdún yẹn tán sórí ìwé náà. Àárọ̀ ni wọ́n ń kà á, pẹ̀lú ìwé atúmọ̀ èdè lórí itan kan àti dígí lójú. Tó bá di ìrọ̀lẹ́, wọ́n á pè mí jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n á fi igi ya ilẹ̀, wọ́n á máa sọ ohun tí wọ́n rí.

Bí mo ṣe rántí rẹ̀ nìyí. Àwọn ará Sítíà ń gbé ní pápá koríko tó tẹ́ lọ rẹrẹ ní àríwá Òkun Dúdú, títí lọ sí ìlà-oòrùn. Orí ẹṣin ni wọ́n ń dàgbà sí. Wọn kò kọ èdè wọn sílẹ̀. Àwọn Gíríìkì tó ń bá wọn ṣòwò, tí wọ́n sì ń bẹ̀rù wọn, ló kọ orúkọ àwọn ọba wọn àti ọ̀rọ̀ díẹ̀ sílẹ̀, bí etí àlejò ṣe gbọ́ ọ. Ìyẹn nìkan ló kù. Ṣùgbọ́n àwọn onímọ̀ mú ìwọ̀nba orúkọ yẹn, wọ́n gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ èdè tó ṣì wà láàyè, wọ́n sì mọ ilé tó ti jáde.

Bàbá á ya agbo ilé kan sílẹ̀. Wọ́n á ní èyí ni agbo ilé Ìránì. Èdè Páṣíà ń gbé ní apá ìwọ̀-oòrùn agbo ilé náà, èdè àwọn ará Sítíà ń gbé ní apá ìlà-oòrùn rẹ̀, pẹ̀lú àwọn ìbátan rẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Sákà. Wọ́n á ya agbo ilé mìíràn tì í, ti àwọn èdè Íńdíà, wọ́n á ní ọmọ ìyá ni àwọn méjèèjì. Wọ́n á wá fa ìlà ńlá kan yí gbogbo rẹ̀ ká, Gíríìkì àti Látìn á bọ́ sínú rẹ̀, Gẹ̀ẹ́sì náà á bọ́ sínú rẹ̀, gbogbo wọn jẹ́ ọmọ baba ńlá kan tí ẹnikẹ́ni kò gbọ́ ohùn rẹ̀ rí. Ní ẹ̀gbẹ́ kejì ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n á ya tiwa. Yorùbá, Ìgalà àti Ìṣẹ̀kírì nínú ilé kan. Núpé, Ẹ̀dó àti Ìgbò nínú ilé tó fẹ̀gbẹ́ tì í. Ní àárín Yorùbá, wọ́n á fi ìka tẹ ojú kékeré kan mọ́lẹ̀ fún àdúgbò wa, wọ́n á ní, "Àwa Ọ̀pin nìyí. Má jẹ́ kí adìẹ tẹ̀ ẹ́."

Èyí tí wọ́n fẹ́ràn jù nínú ìtàn náà ni ti odò. Wọ́n ní àwọn ènìyàn kan wà lórí òkè Kọ́kásù, àwọn ará Òsẹ́tíà, tí èdè wọn jẹ́ ọmọ tó kù nínú ìdílé àwọn ẹlẹ́ṣin yẹn. Dọ́ọ̀nù ni wọ́n ń pe omi. Odò ńlá kan sì wà ní pápá koríko níbi tí àwọn ará Sítíà gbé rí, Dọ́ọ̀nù ni gbogbo ayé ń pè é títí dòní. Àwọn tó sọ ọ́ lórúkọ ti lọ, ẹṣin wọn ti lọ, àwọn tó wá gbé ibẹ̀ lẹ́yìn wọn ń sọ èdè mìíràn, odò kò yí orúkọ padà. Bàbá á ní kí n wo Odò-Ọwà. Tí gbogbo Yorùbá bá parẹ́ lọ́la, tí àjèjì kan bá ń béèrè ọ̀nà Odò-Ọwà, ó ti pè wá lórúkọ láìmọ̀.

Ẹni tó ń bá Bàbá jiyàn jù ni Ààfáà Rájí, ọ̀rẹ́ wọn, tí ilé rẹ̀ kọjú sí tiwa. Ìlọrin ni Ààfáà ti ka kéú, kò sì sí ọjọ́ tí kì í kọjá wá lẹ́yìn ìrun Àsárì. Ààfáà ní ọmọ Lárúbáwá ni èdè Páṣíà, nítorí òun ti fojú ara òun rí ìwé wọn, lẹ́tà Lárúbáwá ni. Nítorí náà, Lárúbáwá ni bàbá àwọn ará Sítíà pẹ̀lú. Ọ̀rọ̀ yìí dá ìjà sílẹ̀ fún oṣù méjì. Bàbá kò gbà. Lọ́jọ́ kan wọ́n rántí pé lẹ́tà Lárúbáwá ni Ààfáà fi ń kọ Yorùbá sí ìyàwó rẹ̀ nígbà tó wà ní Ìlọrin. Wọ́n bi í léèrè bóyá Lárúbáwá ni ìyàwó rẹ̀. Ààfáà rẹ́rìn-ín títí tẹ̀sùbáà fi bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Bàbá wá sọ èyí tí mo rò pé ó jẹ́ òótọ́ jù nínú gbogbo ohun tí wọ́n kọ́ mi: "Aṣọ ni lẹ́tà. Èmi pẹ̀lú rẹ lè wọ agbádá kan náà, ìyẹn ò sọ wá di ọmọ bàbá kan."

Ṣùgbọ́n nígbà tí Ààfáà sọ pé Haúsá àti Lárúbáwá bára wọn tan, Bàbá lọ wò ó nínú ìwé, wọ́n rí i pé òótọ́ ni, wọ́n sì sọdá títì lọ sọ fún un ní ojú àwọn ọmọ kéú rẹ̀ pé Ààfáà ló jàre. Mi ò tíì rí ọkùnrin mìíràn tó lè ṣe bẹ́ẹ̀.

Mo ti wá débi tí ó wù mí láti fò. Àwọn ìbátan mi kan kò ní fẹ́ kí n kọ ọ́, ṣùgbọ́n láìsí i, Bàbá kò pé.

Nígbà tí Bàbá ń kọ́ni ní Ìsọlọ̀-Ọ̀pin, òfin wà pé ọmọ kò gbọ́dọ̀ sọ èdè ilé nínú kíláàsì. Pákó kékeré kan wà tí wọ́n so okùn mọ́. Wọ́n kọ ọ́ sára rẹ̀ ní Gẹ̀ẹ́sì pé ẹni tó gbé e kọ́rùn sọ èdè igbó. Ọmọ tí wọ́n bá gbọ́ èdè ilé lẹ́nu rẹ̀ á gbé e kọ́rùn títí yóò fi gbọ́ lẹ́nu ọmọ mìíràn. Bàbá kọ́ ló ṣe òfin náà, ṣùgbọ́n wọ́n ṣọ́ ọ gan-an. Wọ́n ń yangàn pé kíláàsì àwọn ló mọ Gẹ̀ẹ́sì jù.

Ní ẹ̀ẹ̀rùn tí wọ́n ń ka ìwé náà, wọ́n dé ibi tó sọ bí irú èdè bẹ́ẹ̀ ṣe ń tán. Kì í ṣe idà nìkan. Ènìyàn á dàpọ̀ mọ́ àwọn mìíràn, àwọn ọmọ á máa sọ èdè ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ lókè, òbí á máa fi ìyẹn yangàn, títí ọjọ́ kan tí ẹnì kan ṣoṣo á kù tí kò ní ẹni tó lè dá a lóhùn. Bàbá pa ìwé dé. Wọ́n wọ yàrá, wọ́n tú àpótí wọn, wọ́n gbé pákó yẹn jáde. Ó ti wà níbẹ̀ láti ọjọ́ tí wọ́n ti fẹ̀yìn tì. Wọ́n gbé e lé itan. Nígbà tí Ìyá àgbà béèrè kí ló dé, wọ́n ní, "Àwọn ará Sítíà ò ní ìwé, èdè wọn sì lọ. Èmi ní ìwé, mo fi lé tiwa jáde nílé."

Ìyá àgbà ni wọ́n kọ́kọ́ bẹ̀. Bàbá ní kí Ìyá àgbà fún àwọn ní ọ̀rọ̀ kan nínú èdè wa, èyí tó bá wù wọ́n. Ìyá àgbà wo òkè, wọ́n wo ilẹ̀, wọ́n ní "ulé". Bí a ṣe ń pe ilé nìyẹn lọ́dọ̀ wa. Bàbá mú ìwé tuntun kan, wọ́n kọ ọ́ sójú ìwé àkọ́kọ́.

Lẹ́yìn náà ni ìkórè Ìsọlọ̀ dé, nígbà tí gbogbo ọmọ ìlú tó wà ní Èkó àti Àbújá wá sílé. Àwọn ọmọ Bàbá bẹ̀ wọ́n kí wọ́n má gbé pákó náà lọ síbẹ̀. Bàbá wọ kóòtù tí wọ́n wọ̀ lọ́jọ́ ìfẹ̀yìntì, wọ́n mú mi dání, a bọ́ sílẹ̀ ní oríta Ìsọlọ̀, Bàbá sì gbé pákó náà kọ́ ọrùn ara wọn. A rìn gba àárín ìlú. Mo jẹ́ ọmọ ọdún méjìlá, mo sì fẹ́ kí ilẹ̀ lanu. Àwọn ọmọdé ń tẹ̀ lé wa, wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Àwọn àgbà tó mọ pákó náà kò rẹ́rìn-ín.

Àwọn ènìyàn ṣẹ̀ṣẹ̀ ń jáde nínú ṣọ́ọ̀ṣì. Bàbá dúró níwájú wọn, wọ́n ní àwọn wá tọrọ àforíjì lọ́wọ́ gbogbo ẹni tí àwọn gbé pákó yìí kọ́ lọ́rùn, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í dọ̀bálẹ̀. Ẹ mọ ohun tí ìyẹn jẹ́ nílẹ̀ wa, kí àgbà dọ̀bálẹ̀ fún ọmọ tó kọ́. Àwọn ọkùnrin tó ti ní ewú lórí sáré bò wọ́n, wọ́n dì wọ́n mú lápá. Ọ̀kan ní, "Tíṣà, ẹ dìde, ẹ má gégùn-ún fún wa." Bàbá ní tí wọn ò bá fẹ́ kí àwọn dọ̀bálẹ̀, kí wọ́n bá àwọn gba ìtanràn: kí ẹnì kọ̀ọ̀kan fún àwọn ní ọ̀rọ̀ kan tí àwọn kò jẹ́ kó sọ. Ẹ̀rín wá dé. Wọ́n tò bí ìgbà tí wọ́n wà ní kíláàsì. Ọ̀kan sọ orúkọ kòkòrò, ọ̀kan sọ èébú kan tí mi ò lè kọ síbí. Bàbá gbé bírò fún mi. Bí mo ṣe di akọ̀wé wọn nìyẹn.

Obìnrin kan ló gbẹ̀yìn. Rẹ̀mí ni wọ́n ń pè é ní iléèwé, Màmá Dúpẹ́ ni gbogbo Ìsọlọ̀ ń pè wọ́n báyìí, gàrí ni wọ́n ń yan. Wọn kò rẹ́rìn-ín. Wọ́n kúnlẹ̀ kí Bàbá dáadáa, wọ́n wá sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́.

"Tíṣà, ọ̀rọ̀ tí ẹ torí rẹ̀ gbé pákó kọ́ mi lọ́rùn ni n ó fún yín. Mi ò wọ iléèwé mọ́ lẹ́yìn ọjọ́ náà. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin ni kí ẹ rántí rẹ̀."

Bàbá kò rántí. Wọ́n ní kí n kọ Rẹ̀mí sókè ojú ìwé kan, kí n fi ìsàlẹ̀ rẹ̀ sílẹ̀.

Láti ọjọ́ náà, lọ́dọọdún lẹ́yìn ìkórè, a máa ń lọ kí wọn. Màmá Dúpẹ́ á fún wa ní omi àti gàrí tuntun, wọ́n á béèrè àlàáfíà ilé. Bàbá á wá dárúkọ ọ̀rọ̀ kan, ọ̀rọ̀ tó ṣọ̀wọ́n, tí wọ́n ti rò fún oṣù mélòó kan. Màmá á mi orí. A ó dìde. Ààfáà Rájí kò jẹ́ kí wọ́n sinmi. Ó ní, "Tíṣà, o mọ ohun tí ará Sítíà ń pe omi, o ò mọ ohun tí ọmọ Ìsọlọ̀ sọ níwájú rẹ." Bàbá kì í jà lórí ìyẹn. Wọ́n á ní òótọ́ ni.

Nígbà tí èmi náà fi iléèwé sílẹ̀, nítorí wọ́n ní kí n dìde kàwé sókè, tí ohùn mi kò jáde, tí gbogbo kíláàsì sì rẹ́rìn-ín, mo rò pé Bàbá á nà mí. Wọn ò nà mí. Wọ́n lọ bá tíṣà náà sọ̀rọ̀, wọ́n bẹ̀ mí kí n padà fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Nígbà tí mo kọ̀, wọ́n gbé ìwé fún mi. Wọ́n ní, "Ẹni tí kì í sọ̀rọ̀ ló máa ń gbọ́. Jókòó tì mí."

Ìwé méje la kọ kún. Ní òjò tó kọjá yìí, Bàbá ò lè dìde mọ́. Wọ́n bi mí pé ojú ìwé wo ló ṣófo. Mo ní ti Rẹ̀mí nìkan ni. Wọ́n ní, "Má fà á ya, Àbẹ̀kẹ́." Ọjọ́ kẹta ni wọ́n lọ.

A sin wọ́n dáadáa. Ààfáà Rájí jókòó sẹ́yìn ṣọ́ọ̀ṣì títí ó fi parí. Ní ìrọ̀lẹ́, ẹ̀gbọ́n bàbá mi, tí a ń pè ní Dádì Èkó, kó ìwé méjèèje jọ. Inú wọn dùn sí i, wọ́n ní àwọn á tẹ̀ ẹ́, àwọn á sì fi dígí bo pákó náà, kí àwọn gbé e kọ́ ara ògiri ní Èkó. Wọ́n ń ṣí i wò. Nígbà tí wọ́n dé ojú ìwé Rẹ̀mí, wọ́n ní kí n yọ ọ́ kúrò kí àwọn tó gbéra lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, nítorí òfo kò dára nínú ìwé. Ènìyàn pọ̀ ní pálọ̀. Ẹnu mi kò ṣí. Mo mi orí pé mo gbọ́.

Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, kí wọ́n tó jẹun, mo gbé pákó náà àti ìwé kìíní sínú àpò, mo gun ọ̀kadà lọ sí Ìsọlọ̀. Màmá Dúpẹ́ wà nídìí ààrò, gàrí wà lórí iná. Mo kúnlẹ̀. Mi ò béèrè ohunkóhun. Mo gbé pákó náà sí ẹsẹ̀ wọn.

Wọ́n béèrè ta ló rán mi. Mo ní ẹnikẹ́ni kò rán mi, Mà. Wọ́n nu ọwọ́, wọ́n gbé e, wọ́n yí i síhìn-ín sọ́hùn-ún.

Wọ́n ní, "Ṣé bó ṣe kéré tó nìyí?"

Wọ́n ti pákó náà bọ inú iná. Igi líle ni, kò tètè gbiná. Wọ́n ń wò ó nígbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀.

"Ìyá mi ń ṣàìsàn lọ́jọ́ náà. Mo na ọwọ́ sókè, mo ní kí Tíṣà jẹ́ kí n lọ ulé. Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Ulé."

Mo ṣí ìwé náà. Ọ̀rọ̀ yẹn ti wà lójú ìwé àkọ́kọ́ láti ọjọ́ tí a ti bẹ̀rẹ̀, lábẹ́ orúkọ Ìyá àgbà. Mo fi hàn wọ́n. Wọn ò mọ̀ ọ́n kà, mo fi ìka tọ́ ọ, mo kà á fún wọn sókè. Ohùn mi jáde.

Màmá wò ó títí. Wọ́n ní, "Mi ò sọ pé mo ti gbàgbé o. Kọ ọ́ síbi tèmi."

Mo kọ ọ́ sábẹ́ Rẹ̀mí. Lẹ́yìn náà mo gba igbá lọ́wọ́ wọn, mo bá wọn yí gàrí títí pákó fi jó tán.